Ẹlẹ́ẹ̀kẹta Tó Kù Lẹ́nu Bàbá

Istanbul,
Ọjọ́ kẹsàn-án, oṣù kejì, 1923

Bàbá mi, Raṣit Usta, ọ̀gá àwọn oní-gàárì ní Safranbolu,

Mo fi ẹnu ko ọwọ́ yín, mo sì gbé e lé iwájú orí mi. Ẹ kú òtútù o, ẹ kú iṣẹ́. Nefise àbúrò mi, mo kí ìwọ náà. Mo mọ̀ pé ìwọ ni wàá ka lẹ́tà yìí sí Bàbá létí. Jọ̀ọ́, má fo ìlà kankan, títí kan èyí tó bá máa bí wọn nínú.

Bàbá, mo mọ̀ pé ẹ ń bínú. Abẹ́rẹ́ àti okùn gàárì lẹ rán mi wá rà ní Istanbul, ẹ ní kí n padà láàárín ogún ọjọ́. Ó ti di oṣù mẹ́rìnlá báyìí. Abẹ́rẹ́ dé ọ̀dọ̀ yín, okùn dé, èmi ni ò dé.

Bó ṣe ṣẹlẹ̀ nìyí. Ilé eré kan ní àdúgbò Ṣehzadebaṣi níbí ń wá ẹni tó máa bá wọn tún gàárì kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ wọn rán. Mo jókòó sẹ́yìn aṣọ ìkélé, mò ń rán an lọ́wọ́, ni wọ́n bá ní ẹni tó yẹ kó gun kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ náà ti mutí yó. Ọ̀gá eré wò mí, ó ní, "Ìwọ oní-gàárì, ṣé o mọ bí wọ́n ṣe ń jábọ́ lórí ẹ̀?" Mo ní láti ọmọ ọdún márùn-ún ni mo ti ń jábọ́. Mo gùn ún, mo jábọ́. Ẹ̀rín tí wọ́n rín lọ́jọ́ náà, fìlà pupa ọkùnrin kan já bọ́ láti òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Láti ìgbà yẹn ni ẹsẹ̀ mi ò ti kanlẹ̀ mọ́.

Èyí tó tún wá ń pa mí bí ọtí ni pé wọ́n ti mú mi wọ inú sinimá. Ẹ̀rọ kan ni, ẹnìkan á máa yí ọwọ́ rẹ̀ bí ẹni ń lọ kọfí, ohunkóhun tí o bá ṣe níwájú rẹ̀, á gbé e sórí aṣọ funfun fún aráyé wò. Mo ti ṣe méjì. Èyí tó ń bọ̀, èmi gan-an ni wọ́n ní kí n darí rẹ̀. Èmi ni n ó máa sọ fún àwọn yòókù pé dúró síbí, sunkún báyìí, ó yá, máa sá lọ. Ọmọ oní-gàárì, Bàbá.

Ẹ̀bẹ̀ kan ni mo wá bẹ̀. Ará ìlú wa kan tí mo pàdé ní èbúté sọ fún mi pé ẹ dúró lójú gbogbo òpópó àwọn oní-gàárì, ẹ ní ẹ ò yọ̀ǹda ẹ̀tọ́ yín lórí mi. Ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni mo fi jẹ oúnjẹ yín, tí mo fi wọ aṣọ tí òógùn yín rà. Báwo ni mo ṣe fẹ́ gbé irú ẹrù bẹ́ẹ̀ sórí bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ tuntun? Ẹ ṣáà sọ ọ́, Bàbá: mo yọ̀ǹda. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ọmọ yín,
Vasfi


Safranbolu,
Ọjọ́ kọkànlélógún, oṣù kẹrin, 1923

Vasfi,

Mo gbọ́ ìkíni rẹ. Ara mi le, ọpẹ́ ni fún Ọlọ́run. Nefise ló ń kọ ohun tí mò ń sọ, mo sì ti kìlọ̀ fún un pé kó má bu iyọ̀ sí i.

O ní àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín nígbà tí o jábọ́ lórí kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́. Ìran mẹ́rin la fi ń rán gàárì nílé yìí kí ẹnikẹ́ni má bàa jábọ́. Ìwọ wá lọ sí Istanbul, o sọ ìjábọ́ di iṣẹ́. O tún ń kọ̀wé ayọ̀ sí mi lórí ẹ̀.

Má rò pé mi ò mọ eré. Bí ààwẹ̀ bá dé, mo máa ń lọ wo àwọn ọmọláńgidi awọ tí òjìji wọn ń jó lẹ́yìn aṣọ, mo sì máa ń rẹ́rìn-ín bíi tàwọn èèyàn. Ṣùgbọ́n awọ ràkúnmí ni àwọn yẹn. Awọ kò ní bàbá. Ìwọ ní.

Àràárọ̀ ni Durmuṣ alágbẹ̀dẹ ìkòkò bàbà máa ń yọ orí láti ìsọ̀ rẹ̀, á ní, "Raṣit Usta, kí ni Vasfi ń ṣe báyìí?" Mo ní o ń kọ́ iṣẹ́ awọ tó dára jùlọ. Oṣù mẹ́rìndínlógún ni mo ti ń purọ́ nítorí rẹ, èmi tó ń tò sí sàfù àkọ́kọ́ nídìí ìrun ní mọ́ṣáláṣí. Ọmọ tó ní kí ìyá òun má sùn, òun náà ò ní fojú ba oorun. Ìyá rẹ ti sùn ní tiẹ̀, Ọlọ́run kẹ́ ẹ. Èmi ló kù tí o kò jẹ́ kó sùn.

Ohun tí mo sọ lójú òpópó, mo tún un sọ, Nefise, kọ ọ́ kó yé e: mo fi Ọlọ́run búra. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá tẹ́ ọ síwájú lèmọ́mù, tí lèmọ́mù kọjú sí àwọn èèyàn, tó bi wọ́n lẹ́ẹ̀mẹta bóyá wọ́n yọ̀ǹda ẹ̀tọ́ wọn lórí rẹ, bí mo bá wà láàyè, ẹ̀ẹ̀mẹta náà ni n ó pa ẹnu mi dé. Àfi bí o bá padà sídìí abẹ́rẹ́ rẹ.

Bàbá rẹ, Raṣit

Ẹ̀gbọ́n mi, Bàbá ti lọ kírun. Bí wọ́n ṣe sọ ọ́ ni mo ṣe kọ ọ́, ẹ má bínú sí mi. Lẹ́yìn tí wọ́n búra tán, wọ́n ní kí n pa á rẹ́, wọ́n tún ní kí n fi sílẹ̀. Abẹ́rẹ́ yín ṣì gún mọ́ ibi tí ẹ gún un mọ́ lára ògiri, wọn kì í jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kàn án. Ikọ́ ń dà wọ́n láàmú díẹ̀. Ṣé òótọ́ ni pé ẹ wọ aṣọ obìnrin? Durmuṣ ló ń sọ ọ́ kiri. Bó bá jẹ́ òótọ́, ẹ fi fọ́tò ẹ̀ ránṣẹ́, èmi nìkan ni n ó wò ó.

Nefise


Istanbul,
Ọjọ́ ọgbọ̀n, oṣù kẹsàn-án, 1923

Bàbá mi,

Mo fi ẹnu ko ọwọ́ yín, bí ẹ tilẹ̀ fẹ́ fà á sẹ́yìn. Nefise, rárá o, aṣọ lèmọ́mù ni mo fẹ́ wọ̀, wọn ò fún mi.

Lẹ́tà yín wọ̀ mí lára débi pé oṣù márùn-ún ni mi ò fi lè gbé kálàmù. Mo fi àárín ìgbà náà ṣe sinimá mi tán. Ó ti parí, Bàbá. Mo ti rí i lórí aṣọ.

Ìtàn aláròyé kan ni, tí kò sí ẹni tí kì í bú ládùúgbò. Ó sùn lọ́jọ́ kan, oorun náà wúwo, wọ́n rò pé ó ti kú. Inú pósí ló ti jí, tó ń gbọ́ ohun tí àwọn èèyàn ń sọ nípa rẹ̀. Kò sí òṣèré tó gbà láti wọ pósí náà. Wọ́n ní ẹni tó bá bá pósí ṣeré, pósí á máa retí ẹ̀. Mo bá wọ̀ ọ́ fúnra mi.

A ò sọ fún ará àdúgbò kankan ṣáájú, àṣìṣe mi nìyẹn. Àwọn òṣèré mẹ́rin ni kó gbé mi jáde lẹ́nu ọ̀nà mọ́ṣáláṣí, kí wọ́n gbé mi dé kọ̀rọ̀ òpópó, kí wọ́n sọ mí kalẹ̀. Onnik, ẹni tó ń yí ẹ̀rọ, dúró sí òdìkejì. Ṣùgbọ́n ẹ mọ̀ wá. Ta ló máa rí pósí tó ń kọjá tí kò ní sáré ti èjìká bọ abẹ́ ẹ̀, ó kéré tán fún ìṣísẹ̀ méje, kó lè rí láádá gbà lọ́dọ̀ Ọlọ́run? Àwọn alábàárù dé. Ọlọ́yọ́gọ́ọ̀tì sọ àwo rẹ̀ kalẹ̀. Onígbàjámọ̀ fi oníbàárà sílẹ̀ pẹ̀lú ọṣẹ lójú, oníbàárà náà tẹ̀ lé e tòun tọṣẹ. Kí ẹ tó ṣẹ́jú, wọ́n ti ti àwọn òṣèré mi mẹ́rẹ̀ẹ̀rin dànù, pósí ń fò láti èjìká dé èjìká.

Èmi tí mo wà nínú ẹ̀ kò mọ nǹkan kan. Mo kàn rí i pé wọ́n ń gbé mi dáadáa ju ìgbà tí a fi ń dánra wò lọ. Mo ń yìn wọ́n nínú. Nígbà tó yá ni mo gbọ́ òórùn òkun. Ẹnìkan ní, "Ṣé itẹ́ òkú Eyup la ń gbé e lọ ni?" Èkejì ní, "Ẹ máa tẹ̀ síwájú, àwọn tó wà níwájú mọ̀." Àwọn tó wà níwájú rò pé àwọn ẹ̀yìn ló mọ̀.

Mo kan pákó. Mo ti ọmọrí, mo jókòó, mo ní, "Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ jọ̀ọ́, mo gbàgbé nǹkan nílé." Ẹ ò lè rí irú eré tí wọ́n sá. Pósí balẹ̀, ìbàdí mi òsì ò tíì jinná títí di òní. Bàbá arúgbó kan ṣoṣo ni kò sá. Ó dúró, ó mí hẹlẹ, ó ní, "Ṣé wàá padà sùn? Ìṣísẹ̀ márùn-ún péré ni mo tíì rìn, ó ku méjì."

Onnik sì gbé ẹ̀rọ sáré tẹ̀ lé wa ní gbogbo ọ̀nà, ó ń yí i lọ. Gbogbo ẹ̀ ló wọlé. Àwọn tó sá gbá mi létí lẹ́ẹ̀mejì nígbà tí wọ́n padà dé, lẹ́yìn náà ni wọ́n bi mí ọjọ́ tí wọ́n lè wá wo ara wọn.

Lọ́jọ́ kejì, a ṣe ibi tí lèmọ́mù ti ń bèèrè. Kadri Efendi tó ń fun fèrè nínú ẹgbẹ́ ológun tẹ́lẹ̀ ló ṣe lèmọ́mù. Mo ní kó kọjú sí ẹ̀rọ tààrà, kó bèèrè ìbéèrè náà lẹ́ẹ̀mẹta pé. Àwọn tó ni ilé iṣẹ́ sinimá ní ẹ̀ẹ̀kan tó. Mo ní rárá. Àgbàlá mọ́ṣáláṣí ṣófo lọ́jọ́ náà, a ti lé gbogbo èèyàn jáde nítorí ohun tó ṣẹlẹ̀ lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Kadri bèèrè, kò sẹ́ni tó dáhùn. Ó tún bèèrè, kò sẹ́ni tó dáhùn. Mo dùbúlẹ̀ sínú pósí yẹn, ìdákẹ́jẹ́ yín ni mò ń gbọ́, Bàbá. Omi tó wà lójú mi nínú àwòrán yẹn, mi ò fi ṣeré.

Lutfi Bey, ẹni tó ń gbé sinimá kiri àwọn ìlú kéékèèké, máa dé Safranbolu nígbà òtútù. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ lọ wò ó.

Vasfi yín


Safranbolu,
Ọjọ́ kẹtàdínlógún, oṣù kejì, 1924

Ẹ̀gbọ́n mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Bàbá ò mọ̀ pé mò ń kọ èyí. Ẹ jókòó kí ẹ tó kà á.

Lutfi Bey dé. Ibùso ẹran ńlá tó wà lábẹ́ ilé èrò ló gbà, torí ó ṣókùnkùn bí a bá dí ihò rẹ̀. Ọ̀sán Jímọ̀ lẹ́yìn ìrun ló fi í sí. Bàbá ti sọ fún gbogbo ayé pé ẹsẹ̀ àwọn ò ní tẹ ibẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sí àga níbẹ̀. Lutfi Bey bá wá bẹ Bàbá pé kí wọ́n yá òun ní ogójì gàárì kí àwọn èèyàn rí nǹkan jókòó lé. Bàbá yá a, wọ́n sì ní àwọn gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀ láti ṣọ́ gàárì àwọn. Wọ́n jókòó sí ìlà iwájú, wọ́n kọ ẹ̀gbẹ́ sí àwòrán. Àwa obìnrin wà lókè níbi tí wọ́n ń kó koríko sí, lẹ́yìn aṣọ ìkélé tí a ti dá ihò sí fún ara wa.

Bí ẹ ṣe yọ lórí kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́, gbogbo ilé hó. Bàbá yí ojú padà, ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tó jáde lẹ́nu wọn ni pé, "Ta ló rán gàárì yẹn? Ọrùn ẹran ló gbé e lé. Ó máa dá a légbò." Láti ìgbà yẹn ni wọn ò ti gbé ojú kúrò mọ́.

A dé ibi òkú. Lèmọ́mù yẹn kọjú sí wa, ó ga dé òrùlé, ó ya ẹnu, a ò gbọ́ ohùn ẹ̀, ṣùgbọ́n ta ni kò mọ ohun tó ń bèèrè? Àwọn àgbààgbà dìde. Gbogbo ilé dìde tẹ̀ lé wọn, wọ́n kó ọwọ́ jọ síwájú bí ẹni wà níbi òkú gidi. Ohùn Bàbá ló ga jù, ẹ mọ̀ pé àwọn ni wọ́n máa ń ṣíwájú níbi òkú gbogbo. "A yọ̀ǹda." Lèmọ́mù tún bèèrè. "A yọ̀ǹda." Ìgbà náà ni àwòrán yí, a rí inú pósí, a rí ojú yín, ẹkún ń bọ́ lójú yín. Lèmọ́mù bèèrè lẹ́ẹ̀kẹta. Gbogbo ilé dáhùn. Ẹnu Bàbá ṣí, kò sí nǹkan kan tó jáde. Wọ́n jókòó padà sórí gàárì wọn.

Lẹ́yìn náà ni pósí bẹ̀rẹ̀ sí í sáré. Durmuṣ rẹ́rìn-ín títí ó fi jábọ́ lórí gàárì Bàbá tí ẹnikẹ́ni kì í jábọ́ lórí ẹ̀. Bàbá ò wo apá ọ̀dọ̀ ẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ti di àríyànjiyàn ní òpópó. Durmuṣ ní ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀ fífọ́ ni ń fọ́, Raṣit Usta ti yọ̀ǹda nìyẹn, méjì nínú mẹ́ta kì í ṣe kékeré. Lèmọ́mù wa ní mẹ́ta ni mẹ́ta ń jẹ́. Ọjọ́ méjì ni Bàbá ò ṣí ìsọ̀. Lánàá wọ́n ní kí n se oúnjẹ fún aláìní mẹ́wàá, kí n sì fi ìyẹ̀fun àti oyin ro helva sí i, wọn ò sọ ìdí. Mo bi wọ́n, wọ́n ní kí n ṣáà máa rò ó.

Ẹ̀gbọ́n mi, sinimá yín dùn. Mo ti wò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Nefise


Istanbul,
Ọjọ́ kẹrìnlá, oṣù kẹta, 1924

Bàbá mi,

Mi ò mọ bí mo ṣe máa kí yín. Mo gbọ́ pé ẹ sọ ọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Mo fò sókè nínú yàrá mi, ìyá onílé mi rò pé iná ló ń jó. Lẹ́yìn náà ni mo ka èyí tó kù.

Kí ló dé tí ẹlẹ́ẹ̀kẹta kò jáde? Ẹ rí ojú mi, ẹ rántí ìbúra yín, àbí? Oúnjẹ aláìní mẹ́wàá ńkọ́? Helva, Bàbá? Òkú la máa ń ro helva fún. Ṣé sàráà mi lẹ ṣe ni, tí mo wà láàyè, tí mò ń jẹun?

Ilé iṣẹ́ ní kí n bẹ̀rẹ̀ òmíràn. Gbogbo Istanbul ló ń kí mi lójú pópó, alábàárù ò gba kí n gbé àpò ara mi. Mo ti ní kí wọ́n dúró ná. Bó bá jẹ́ pé nítorí abẹ́rẹ́ ni ẹ fi pa ẹnu dé, n ó padà wá sídìí abẹ́rẹ́. Ẹ ṣáà fèsì.

Vasfi


Istanbul,
Ọjọ́ kejìlá, oṣù kẹrin, 1924

Bàbá, oṣù kan ti lọ. Mo ti di ẹrù mi. Bí mi ò bá gbọ́ nǹkan kan kí oṣù yìí tó parí, n ó wọ ọkọ̀ ojú omi Bartin wálé, sinimá ti tán nìyẹn.

Vasfi


Safranbolu,
Ọjọ́ kejìdínlógún, oṣù kẹrin, 1924

Vasfi ọmọ mi,

Má wọ ọkọ̀ kankan. Èmi ni mo kọ èyí fúnra mi, Nefise ò fọwọ́ kàn án, ìdí nìyẹn tí ìlà rẹ̀ fi ń ṣe kọ́lọkọ̀lọ. Ó ti tó oṣù kan tí mo ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀. Ọwọ́ mi mọ abẹ́rẹ́ ju kálàmù lọ.

Ọ̀rọ̀ gàárì ni mo fẹ́ kọ́kọ́ sọ. Ojú tì mí. Ọmọ Raṣit jókòó sórí gàárì tó wà lọ́rùn ẹran, níwájú gbogbo ìlú. Mo ti rán òmíràn, wọ́n máa gbé e fún ọ pẹ̀lú lẹ́tà yìí. Mo ní kí Lutfi Bey yí ẹ̀rọ náà fún mi lẹ́ẹ̀mẹta kí n lè fi ojú wọn ẹ̀yìn kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ náà. Durmuṣ ní kì í ṣe kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ni mò ń wò. Jẹ́ kó máa wí.

Ẹ̀ẹ̀kejì, oúnjẹ yẹn. Mo fi Ọlọ́run búra pé n ó pa ẹnu mi dé, mo sì la ẹnu mi lẹ́ẹ̀mejì. Ìbúra mi ti yẹ̀. Ẹni tí ìbúra rẹ̀ bá yẹ̀ á bọ́ aláìní mẹ́wàá, ìtánràn rẹ̀ nìyẹn, ṣé o ti gbàgbé ilé kéwú ni? Èmi ni mo fẹ́ràn helva. Òkú nìkan kọ́ ló ni ín.

Ẹ̀ẹ̀kẹta. O rò pé ìbínú ló dí mi lẹ́nu. Vasfi, ẹ̀ẹ̀kíní àti ẹ̀ẹ̀kejì, ẹnu mi ló sọ ọ́, ẹnu mi mọ ọ̀nà ibẹ̀ láti ogójì ọdún. Lẹ́yìn náà ni mo rí ọ nínú ibẹ̀. Mo gbàgbé pé aṣọ ni mò ń wò. Ọwọ́ mi yìí ni mo fi tẹ́ ìyá rẹ sílẹ̀, mo mọ ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ tí ìdáhùn ẹlẹ́ẹ̀kẹta bá ti pé. Wọ́n á gbé e lọ ni. Mo fẹ́ kígbe kí gbogbo wọn dákẹ́, kí ẹnikẹ́ni má dáhùn, kí wọ́n má bàa gbé ọ. Ẹ̀rù ló bà mí, kì í ṣe ìbínú. Ọmọ ló ń sin bàbá. Èmi arúgbó dúró lójú òpópó, mo fi ẹnu ara mi ṣàpèjúwe ọjọ́ ìsìnkú rẹ fún ọ, mo ní mò ń bá ọmọ wí.

Tú ẹrù rẹ. Ṣe sinimá rẹ. Bó bá di Iléyá, kí o wá, kí o jókòó síwájú mi, kí o máa jẹun, n ó sọ ọ́ sí ọ lójú níbi tí o ti ń jẹnu wọ̀mùwọ̀mù. Ìwọ náà á sì sọ tìrẹ fún mi, torí ohun tí mo sọ yẹn, o ní ẹ̀tọ́ lórí èmi náà.

Ṣùgbọ́n ọ̀nà jìn, ikọ́ yìí ò sì lọ. Mo kọ ọ́ síbí kó wà lọ́wọ́ rẹ: mo yọ̀ǹda. Ẹlẹ́ẹ̀kẹta nìyẹn.

Mo ti fa abẹ́rẹ́ rẹ yọ lára ògiri. Òun ni mo fi rán gàárì náà. Bí wọ́n bá ní kí o jábọ́, jábọ́ láti orí ẹ̀. Pósí nìkan ni mo bẹ̀ ọ́, má wọ̀ ọ́ mọ́ ṣáájú mi.

Bàbá rẹ,
Raṣit